Ọ̀tá ló jẹ́rìí sí i: Roope, ọ̀gá ọkọ̀ Glowworm

Tíṣà_Adó
Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin ará ulé. Ọmọ kan bi mí ní ìbéèrè ní kíláàsì lọ́jọ́ Mọ́ńdè, mi ò sì tíì rí ìdáhùn rẹ̀ gbé kalẹ̀. A ń sọ̀rọ̀ nípa àwọn akọni, mo wá sọ ìtàn ọ̀gágun ojú omi kan tó fi ọkọ̀ rẹ̀ kọlu ọkọ̀ tó fi ìlọ́po mẹ́wàá jù ú lọ. Ọmọ náà nawọ́, ó ní, "Sà, tó bá jẹ́ pé ó kú sómi, ta ló wá sọ fún ìjọba pé ó gbójú?" Gbogbo kíláàsì bú sẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín. Àmọ́ mo délé, ìbéèrè yẹn ò jẹ́ n sùn. Ẹ jẹ́ n sọ ìtàn náà bí mo ṣe mọ̀ ọ́n, kí ẹ wá bá mi dá sí i.

Gerard Broadmead Roope lorúkọ ọkùnrin náà. Ọdún 1905 ni wọ́n bí i ní Somerset, ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Iṣẹ́ ológun ojú omi ló ṣe títí ó fi kú. Nígbà tí ogun Hitler bẹ́ sílẹ̀, òun ni ọ̀gá ọkọ̀ Glowworm. Kòkòrò tó ń tànmọ́lẹ̀ lóru ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀, tanátaná ni à bá sọ ọ́ lọ́dọ̀ tiwa. Ọkọ̀ kékeré ni, bíi tọ́ọ̀nù 1,350, ìbọn mẹ́rin. Eré ló mọ̀ ọ́n sá.

Ìbẹ̀rẹ̀ oṣù Kẹrin ọdún 1940, Glowworm bá ọkọ̀ ńlá kan tó ń jẹ́ Renown jáde láti Scapa Flow lókè Scotland, wọ́n dorí kọ òkun Norway. Lójú ọ̀nà, atukọ̀ kan já sómi. Roope yí ọkọ̀ padà láti wá a. Ó wá a títí, kò rí i. Kò sì bá àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ mọ́. Bó ṣe di òun nìkan lójú agbami nìyẹn, ìjì sì ń jà. Ibẹ̀ ni mo máa ń kọ́kọ́ dúró sí nínú ìtàn yìí, kí n tó dé ibi ìbọn rárá: tìtorí ẹnì kan ṣoṣo tó sọnù ló ṣe dá wà.

Láàárọ̀ ọjọ́ 8 oṣù Kẹrin, ó já lu àwọn ọkọ̀ ogun Jámánì tó kó ọmọ ogun, wọ́n ń lọ gba Norway. Wọ́n ń yìnbọn síra wọn. Àwọn Jámánì ké pe ẹ̀gbọ́n wọn, Admiral Hipper. Ẹ̀yin ará, ọkọ̀ yẹn ju tọ́ọ̀nù 14,000 lọ, ìbọn ńláńlá mẹ́jọ ló wà lórí rẹ̀, ẹnu ọ̀kọ̀ọ̀kan fẹ̀ tó 20 sẹ̀ǹtímítà. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í lu Glowworm. Roope tú èéfín bojú, ó sún mọ́ ọn, ó ju tọpídò, gbogbo rẹ̀ tàsé. Iná ti ń jó lórí ọkọ̀ rẹ̀. Ó wá jáde gbọn-ọn láti inú èéfín, ó forí sọ Hipper lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀tún. Ó ya irin ara rẹ̀ bí ẹní ya ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó gbẹ. Omi bíi tọ́ọ̀nù 500 rọ́ wọ inú Hipper. Ṣùgbọ́n imú Glowworm ti kán, kò pẹ́ tó fi bú gbàù, tó rì.

Hipper dúró, ó ju okùn sílẹ̀ fún àwọn tó wà nínú omi. Roope wà láàárín wọn, ó ń ran àwọn ọmọ rẹ̀ lọ́wọ́ kí wọ́n lè dé ìdí okùn. Ìgbà tó kan òun fúnra rẹ̀, ó di okùn mú, wọ́n ń fà á lọ sókè. Ọwọ́ rẹ̀ ò lágbára mọ́. Ó já bọ́.

Ọmọ_Ìkọ́gòsì
Tíṣà, omi tí èmi mọ̀ láyé mi ni omi gbígbóná Ìkọ́gòsì àti omi òjò. Òkun Norway lẹ wá ń kọ́ ọmọ Ekìtì! 😂 Ẹ máa bá a lọ o, mo ti jókòó, mo ti gbé ẹ̀pà kalẹ̀.

Ajé_Ìjerò
Tíṣà, ẹ má bínú sí mi. Ẹ̀yin ń wo akọni, èmi ń ka òkú. 149 ọmọ ọlọ́mọ ló wà nínú ọkọ̀ yẹn. Àwọn tí Jámánì fà jáde ò ju bí ogójì lọ, àwọn kan sì tún kú lẹ́yìn tí wọ́n fà wọ́n jáde tán. Àgbà kan ní kí n má bẹ̀rù erin, ó dáa, ṣùgbọ́n kò ní kí n lọ fi orí gbá a. Ọkọ̀ tó jẹ́ pé eré ló mọ̀ ọ́n sá, kí ló dé tí kò sá? Orúkọ ọ̀gá ló yọ, àwọn ọmọ tó bá a lọ ńkọ́? Ta ló mọ orúkọ wọn?

Bàbá_Néfì
Ẹ kú ìjókòó, ẹ̀yin ọmọ mi. Ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni mo lò nínú Néfì kí n tó padà wá jókòó sí ìdí Olósùnta ní Ìkẹ́rẹ́ níbí. Ẹ jẹ́ n dá Ajé lóhùn, torí ìbéèrè gidi ló bi.

Eré ọkọ̀ ojú omi kì í ṣe bíi ti mọ́tò lórí títì Adó sí Àkúrẹ́. Eré tí wọ́n kọ sínú ìwé pé ọkọ̀ lè sá, lórí omi tó tòrò ni wọ́n ti dán an wò. Bí ìgbì bá ti ga, ọkọ̀ kékeré á ki imú bọ omi, ìdí rẹ̀ á yọ sókè, abẹ̀bẹ̀ ìdí rẹ̀ tó yẹ kó máa ti omi á wá máa yí lásán nínú afẹ́fẹ́. O fẹ́ sáré, omi ò ní gbà. Ọkọ̀ ńlá ní tirẹ̀ á kàn máa la ìgbì lọ ni. Mo ti wà nínú méjèèjì. Nínú èyí tó kéré, o ò tilẹ̀ ní rántí pé ọ̀tá wà, ìfun tìẹ ni wàá máa bá jà.

Èkejì, ìbọn Hipper ń lọ jìnnà ju tirẹ̀ lọ. Tó o bá ń sá fún ẹni tí ìbọn rẹ̀ gùn, ẹ̀yìn rẹ lo kọ sí i, ó máa fara balẹ̀ yìn ọ́ ni. Àfi kó o sún mọ́ ọn. Ohun kan ṣoṣo tí ọkọ̀ kékeré ní tó lè fi pa ọkọ̀ ńlá ni tọpídò. Abẹ́ omi ló ń gbà sáré bí ẹja, ikùn ọkọ̀ ló ń wá. Mẹ́wàá ni Glowworm ní. Ṣùgbọ́n ọ̀gá Hipper náà kì í ṣe ọmọdé. Ó kọ imú ọkọ̀ rẹ̀ sí i tààrà, kó má baà rí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, kí tọpídò lè máa kọjá lọ́tùn-ún lósì. Wọ́n wá kọjú síra wọn báyìí, èéfín wà láàárín. Ìgbà tí èéfín fi máa là, kò sí àyè fún ẹnikẹ́ni mọ́.

Ẹ̀kẹta tí àwọn èèyàn kì í sọ: wáyà. Kó tó kú, ó ti ń ránṣẹ́ sílé ohun tó rí. Ọdẹ tó rí olè tó sì figbe ta, bí olè bá tilẹ̀ pa á, ó ti ṣọ́dẹ. Ohun tó ṣe ilé tí wọn ò tètè jí, ìyẹn ò sí lọ́rùn rẹ̀. Ọjọ́ kejì gan-an ni Jámánì wọ Norway.

Ajé_Ìjerò
Bàbá, mo dúpẹ́. Ti ìgbì yẹn wọ̀ mí létí. Mo gbà pé kò lè sá. Ti àwọn ọmọ tó kú, mi ò tíì gbà.

Ọmọ_Ìfàkì
Ẹ ṣé, Bàbá. Ìbéèrè tèmi rèé: ṣé ó mọ̀ọ́mọ̀ kọlù ú ni? Àwọn òpìtàn ṣì ń jiyàn lé e lórí. Ìbọn ti ba ọkọ̀ náà jẹ́, ó ṣeé ṣe kí ohun tí wọ́n fi ń darí rẹ̀ má gbọ́ràn mọ́. Hipper náà sì ń yí bọ̀, òun náà fẹ́ gun èyí mọ́lẹ̀. Tó bá wá jẹ́ pé ọkọ̀ ló ṣèèṣì já lu ọkọ̀, àmì-ẹ̀yẹ ṣèèṣì nìyẹn 😅

Tíṣà_Adó
Ọmọ_Ìfàkì, o ti fa ọ̀rọ̀ jáde lẹ́nu mi. Ẹ jẹ́ n fi orúkọ kejì kún un: Hellmuth Heye. Òun ni ọ̀gá Hipper. Òun ni wọ́n ya ọkọ̀ mọ́ lọ́wọ́, tó bá sì ń bínú, kò sẹ́ni tó máa bá a wí. Heye yìí ló kọ̀wé, tó gba ọwọ́ Àgbélébùú Pupa, sí àwọn Gẹ̀ẹ́sì pé ọ̀gá ọkọ̀ tí òun bá jà yẹn tó akọni. Ogun ṣì ń lọ lọ́wọ́ o! Wọn ò tíì bẹ̀rẹ̀ sí í bọ́ǹbù Lọ́ńdọ̀nù gan-an nígbà tí ìjà yẹn wáyé.

Àwọn bàbá wa ní ọ̀tá ẹni kì í pòdù ọ̀yà. Bí ọ̀tá rẹ bá tilẹ̀ pa òdù ọ̀yà, eku ẹmọ́ lo máa pè é. Heye rí òdù ọ̀yà, ó pè é lórúkọ rẹ̀.

Ní ti bóyá ó mọ̀ọ́mọ̀: ká ní ohun ìdarí bàjẹ́ lóòótọ́ ní ìṣẹ́jú tó kẹ́yìn, ta ló gbé ọkọ̀ dé ibi tí ìṣẹ́jú yẹn ti bá a? Nínú èéfín, ó láǹfààní láti gba ẹ̀yìn yọ́ lọ. Ó yíjú padà. Heye wà níbẹ̀, ojú rẹ̀ ló ṣe. Mi ò ní jókòó sí Adó kí n máa bá a jiyàn ohun tó rí.

Síbẹ̀, kò sẹ́ni tó fún Roope ní nǹkan kan lọ́dún náà. Àwọn tó là ti wà lẹ́wọ̀n ní Jámánì. Ìgbà tí ogun parí ní 1945, tí Lieutenant Robert Ramsay padà sílé, òun nìkan ló kù nínú àwọn ọ̀gá inú ọkọ̀ yẹn, ló tó fẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́. Oṣù Keje 1945 ni wọ́n kéde Victoria Cross fún Roope, àmì-ẹ̀yẹ ìgboyà tó ga jù lọ lọ́dọ̀ àwọn Gẹ̀ẹ́sì. Nínú gbogbo Victoria Cross tí wọ́n fúnni nínú ogun yẹn, ìjà tirẹ̀ ló ṣáájú, ọdún márùn-ún sì kọjá kí wọ́n tó pe orúkọ rẹ̀.

Bàbá_Néfì
Tíṣà, ẹ̀gbọ́n ìtàn yẹn wà, ọ̀dọ̀ wa ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà níbí ló sì ti ṣẹlẹ̀. Awakọ̀ òfuurufú ni, ọmọ New Zealand, Lloyd Trigg. Oṣù Kẹjọ 1943, lójú òkun Dakar, ó gbé ọkọ̀ òfuurufú bo ọkọ̀ abẹ́ omi Jámánì kan, U-468. Àwọn Jámánì yìnbọn fún un, iná ran ọkọ̀ rẹ̀. Kò yà. Ó ń jó bọ̀ lókè, ó ń bọ̀ wá bá wọn, ó ju àdó olóró rẹ̀ sí wọn, òun náà sì já sómi. Gbogbo àwọn tó wà pẹ̀lú rẹ̀ ló kú, kò ku ẹnì kan. Ọkọ̀ abẹ́ omi náà rì. Àwọn Jámánì díẹ̀ tó là, ẹ wá gbọ́ o, ọkọ̀ rọ́bà tó jábọ́ lára ọkọ̀ òfuurufú rẹ̀ ni wọ́n gùn tí wọn ò fi kú! Àwọn yẹn ni wọ́n sọ fún àwọn Gẹ̀ẹ́sì tó kó wọn pé báyìí báyìí ló ṣe. Ẹ̀rí ọ̀tá nìkan ni wọ́n fi fún un ní Victoria Cross. Kò sí ẹ̀rí mìíràn láyé.

Ẹ sọ ìyẹn fún ọmọ kíláàsì yín.

Ọmọ_Ìkọ́gòsì
Hẹ̀n-ẹ́n? Ọkọ̀ rọ́bà ẹni tí wọ́n yìn ni wọ́n gùn? Ẹ̀pà mi ti tán, mo ń lọ ra òmíràn.

Ìyá_Ìbejì_Ìkọ̀lé
Ẹ̀yin ọkùnrin, ẹ ti ń ka ìbọn láti àná. Ta ló béèrè ìyàwó? Ọkùnrin yẹn níyàwó o. Ọdún márùn-ún ló fi mọ̀ pé ọkọ̀ ọkọ òun ò padà wálé, kó tó di pé wọ́n pè é sáàfin kó wá gba irin kékeré lọ́wọ́ ọba. Irin yẹn, wọ́n ní bàbà tí wọ́n yọ lára àgbá ogun ni.

Ẹ jẹ́ n sọ tèmi. Bàbá tó bí bàbá mi lọ Bọ́mà. Ọmọ Ìkọ̀lé tí kò rí omi tó ju odò lọ rí, wọ́n kó o wọ ọkọ̀ ojú omi ní Èkó. Ìtàn inú ọkọ̀ yẹn nìkan ló máa ń sọ fún wa: bí wọ́n ṣe ń bì, bí ará Haúsá kan ṣe ń rò pé ọkọ̀ ti rì lójoojúmọ́. Ti ogun gan-an, kò sọ ọ́. Bá a bá bi í, á ní, "A ru ẹrù." Mo ti dàgbà kí n tó mọ̀ pé òótọ́ ló sọ. Orí làwọn ọmọ Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà fi ń ru ọta ìbọn àti oúnjẹ nínú igbó yẹn, níbi tí mọ́tò ò lè dé.

Ìgbà tó kú, àwọn ọmọ pín ilẹ̀, wọ́n pín oko kòkó, wọ́n fẹ́rẹ̀ẹ́ lu ara wọn nítorí rédíò. Agolo bisikíìtì kan wà lábẹ́ ibùsùn rẹ̀, kò sẹ́ni tó fẹ́ ẹ. Èmi ni mo gbé e. Ìwé owó-orí ló kún inú rẹ̀, pẹ̀lú ìràwọ̀ kan tí tẹ́ẹ́pù pupa so mọ́, búlúù àti ọsàn létí méjèèjì. Burma Star ni. Gbogbo ẹni tó bá dé ojú ogun yẹn ni wọ́n fún, kò sọ ohun tí bàbá ṣe. Nítorí náà mi ò mọ̀. Ó lè ti gbé ẹlẹ́gbẹ́ rẹ̀ kọ́rùn nínú ọta ìbọn, ó lè jẹ́ pé ẹrù náà ló rù lóòótọ́. Àwọn Jápáànì tó bá jà ò kọ̀wé sí wa.

Tíṣà_Adó
Ìyá Ìbejì, ẹ pa mí lẹ́nu mọ́. Mo kà á lẹ́ẹ̀mejì.

Ará_Fájúyì_Pákì
Ó wù mí kí n dákẹ́, àmọ́ kò ṣeé dákẹ́ sí. Ẹ ti dé Norway, ẹ ti dé Dakar, ẹ ti dé Bọ́mà. Ẹ ò rí ère tó dúró láàárín Adó níbí? Ẹnìkan wa ni Adékúnlé Fájúyì. 26 oṣù Kẹfà 1926 ni wọ́n bí i, ní Adó. Ó wọ iṣẹ́ ológun ní 1943. Ní 1951, nígbà tó ṣì jẹ́ sájẹ́ǹtì, wọ́n fún un ní British Empire Medal torí pé ó bá wọn pẹ̀tù sí ọ̀tẹ̀ tó bẹ́ sílẹ̀ nínú ikọ̀ wọn nítorí oúnjẹ. (Ta ló tún lè yanjú ìjà oúnjẹ bí kò ṣe ọmọ Ekìtì?) Ìgbà tí Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé kó ọmọ ogun lọ Kóńgò, ó lọ. Ní Katanga, wọ́n lúgọ de àwọn ọmọ ogun rẹ̀, ó kó wọn jáde kúrò nínú rẹ̀. Ìyẹn ni wọ́n fi fún un ní Military Cross ní 1961.

Ó kó wọn jáde! Ajé_Ìjerò, ìdáhùn rẹ rèé. Àmì-ẹ̀yẹ wà fún ẹni tó kó ọmọ ọlọ́mọ padà wálé.

Ajé_Ìjerò
Ehn! Èyí tí mò ń wá nìyí. Ẹ ṣé gan-an. Ẹ wò ó, mi ò bá Roope jà o. Ohun tí mò ń sọ ni pé bí akọni bá máa ṣe méjì, kí ẹ jẹ́ kí n yan tèmi.

Àmọ́ Ará_Fájúyì_Pákì, kí n bi yín: nínú ọgọ́rùn-ún èèyàn tó ń gba ìdí ère yẹn kọjá lọ Ọjà Ọba, mélòó ló mọ Katanga? Ìbàdàn ni gbogbo wa mọ̀. 29 oṣù Keje 1966, àwọn sójà wá mú Ironsi, olórí ìjọba ológun, nílé ìjọba níbẹ̀, Fájúyì tó jẹ́ gómìnà Ìwọ̀-Oòrùn ní wọn ò lè mú àlejò òun lọ kí òun jókòó. Wọ́n pa àwọn méjèèjì. Ta ló fún un lámì fún ìyẹn?

Ọmọ_Ìfàkì
Kò sẹ́ni tó fún un. Àwọn kan tiẹ̀ ń sọ pé kò rí bẹ́ẹ̀, pé bó sọ ọ́ bí kò sọ ọ́, wọ́n máa mú un lọ ni. Ọ̀rọ̀ Glowworm náà ló tún padà wá yẹn: ṣé ó mọ̀ọ́mọ̀, àbí ó kàn bá a níbẹ̀?

Ará_Fájúyì_Pákì
Ìwọ ọmọ yìí! Bí a bá wà ní ojú kan náà ni, màá ti fà ọ́ létí.

Bàbá_Néfì
Má fà á létí, ọmọ dáadáa ni. Ẹ jẹ́ kó béèrè. Mo ti bá ọ̀pọ̀ ológun jókòó, àtàwọn tó gba àmì, àtàwọn tí kò gbà á. Àwọn tó gbà á gan-an ló máa ń sọ fún ọ pé ẹnì kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ àwọn tó ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ, ṣùgbọ́n ọ̀gá tó yẹ kó kọ ọ́ sílẹ̀ ti kú, tàbí kò fẹ́ràn rẹ̀. Bó ṣe ń ṣiṣẹ́ nìyẹn. Ẹnì kan gbọ́dọ̀ rí i, kó là á já, kó mọ̀wé kọ, kó má sì jowú. Kí ẹ tó rí mẹ́rẹ̀ẹ̀rin lára èèyàn kan!

Roope rí tirẹ̀, ọ̀tá ni. Fájúyì, àwọn tó wá mú un ló gbọ́ ohun tó sọ, àwọn kan nínú wọn kò sì lanu rí. Àwa ará ilé ni ó kù tó ń sọ ọ́. Ara wa ni, ìdí nìyẹn tí Ọmọ_Ìfàkì fi ń wò wá lójú bẹ́ẹ̀.

Ìyá_Ìbejì_Ìkọ̀lé
Bàbá, ẹ kú ọ̀rọ̀.

Tíṣà_Adó
Ẹ ṣeun, gbogbo yín. Mo ti rí ohun tí màá sọ fún ọmọ náà ní Mọ́ńdè. Màá sọ ti Heye àti ti Trigg, màá sì kó kíláàsì lọ sí ìdí ère Fájúyì kí wọ́n lọ bi àwọn tó ń kọjá ohun tí wọ́n mọ̀ nípa rẹ̀, kí wọ́n kọ ọ́ wá. Ìyá Ìbejì, ẹ jọ̀ọ́, ṣé ẹ lè yá wa ní ìràwọ̀ yẹn lọ́jọ́ kan? Mo mọ̀ pé Ìkọ̀lé ò sún mọ́ wa, èmi fúnra mi ni màá wá gbà á, èmi ni màá dá a padà.

Bàbá Néfì, ẹ̀yin ńkọ́? Ẹ wá bá wọn sọ̀rọ̀, ẹ jọ̀ọ́ sà.

Bàbá_Néfì
Màá wá. Ṣùgbọ́n ẹ bá mi wá okùn tó nípọn tó ọwọ́ ọmọdé, kí ẹ sì ra yìnyín lọ́wọ́ àwọn ẹlẹ́ja, kó kún báàfù kan. Kí ọmọ tó béèrè ìbéèrè yẹn ki ọwọ́ méjèèjì bọ inú yìnyín, kí n fi aago kà á dé ìṣẹ́jú mẹ́ta. Lẹ́yìn ìyẹn kó di okùn mú, kí èmi máa fà á.

Ìyá_Ìbejì_Ìkọ̀lé
Tíṣà, ẹ wá gba agolo náà lọ́jọ́ Sátidé. Gbogbo ẹ̀ ni kí ẹ gbé, àti ìwé owó-orí.

Ọmọ_Ìkọ́gòsì
Èmi ló máa gbé omi gbígbóná wá fún ọwọ́ ọmọ ọlọ́mọ.